O Jàre, Owó Dà? Ìdájọ́ Àbítíréṣọ̀n Láàárín Ọlọ́jà Àti Ilé Iṣẹ́ N'Íbàdàn

Ìwé ìdájọ́ náà nípọn. Ojú ewé rẹ̀ lé ní ogójì, wọ́n fi okùn pupa di igun rẹ̀, wọ́n sì lu òǹtẹ̀ sí ojú ewé tó kẹ́yìn. Ọ̀rẹ́ mi kan tó ń kó àgbàdo àti sóyà bọ̀ láti Ṣakí ló gbé e kalẹ̀ lórí tábìlì lọ́yà rẹ̀ ní Ring Road. Ó fẹ̀yìn ti àga, ó ní, "Lọ́yà, Ọlọ́run ti ṣe é, a jàre. Ìgbà wo ni wọ́n ń sanwó?" Lọ́yà ṣí ìwé náà títí dé ìparí, ó pa á dé, ó ní, "Alhaji, ẹ kú oríire. Ẹ jẹ́ ká wá bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ báyìí." Mo wà níbẹ̀. Ojú Alhaji yí padà bíi ti ẹni tó rò pé òun ti wọ Ìbàdàn, tí wọ́n wá sọ fún un pé Ìṣẹ́yìn ni ọkọ̀ ṣì wà.

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti Alhaji nìkan. Ohun tó gbé e débẹ̀, gbogbo wa la jọ fojú rí i. Ọjọ́ 29 oṣù karùn-ún ọdún 2023 ni wọ́n kéde pé owó ìrànwọ́ orí epo bẹntiróòlù ti lọ. Kò pé ọ̀sẹ̀ mẹ́ta sí i, Báńkì Àpapọ̀ tú náírà sílẹ̀ kí ọjà máa dá iye rẹ̀ sọ. Dọ́là tó wà ní nǹkan bí ₦470 lọ́dọ̀ ìjọba ti dé nǹkan bí ₦1,500 nígbà tí oṣù kejì ọdún 2024 fi ń parí lọ. Ẹni tó ti tọwọ́ bọ̀wé pé iye kan báyìí lòun á máa ta ọjà fún ilé iṣẹ́ fún odindi ọdún kan wá rí i pé owó ọkọ̀ nìkan ti jẹ èrè òun tán. Àwọn kan dá ọjà dúró. Àwọn kan dá owó dúró.

Ti Alhaji, wọ́n dá owó dúró ni. Ilé iṣẹ́ kan tó ń po oúnjẹ adìyẹ ní agbègbè Olúyọ̀lé ló bá ṣàdéhùn. Wọ́n gba àgbàdo ọkọ̀ mẹ́rin lọ́wọ́ rẹ̀, wọn ò san kọ́bọ̀. Nígbà tó pariwo, wọ́n ní àgbàdo náà tutù, pé ó ti ń bu. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, wébìlì ọkọ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ọmọkùnrin tó ń tọ́jú ilé ìkẹ́rùsí wọn ti fi bírò búlúù kọ ọ́ sára ìwé pé òun ti fi ẹ̀rọ wo ọ̀rinrin rẹ̀, pé ó dára, ó kọ déètì, ó sì fọwọ́ sí i. Bírò búlúù yẹn ni adájọ́ wò tó fi dá Alhaji láre.

Kì í ṣe adájọ́ kóòtù o. Nísàlẹ̀ pátápátá nínú àdéhùn wọn, níbi tí ẹnikẹ́ni kì í kà dé, gbólóhùn kan wà pé bí ìjà bá dé, ẹnì kan ṣoṣo tí àwọn méjèèjì bá jọ yàn ni yóò gbọ́ ọ, Ìbàdàn ni yóò jókòó sí, ohun tó bá sì sọ, abẹ gé e. Ìyẹn ni àwọn lọ́yà ń pè ní àbítíréṣọ̀n. Ọ̀pọ̀ èèyàn a máa pè é ní ìlàjà, àmọ́ ìlàjà kọ́. Onílàjà ń bẹ̀ ọ́ ni, ó ń ní kó o gbé díẹ̀ kúrò, kí ẹnìkejì rẹ náà gbé díẹ̀ kúrò, bẹ́ ẹ bá sì kọ̀, kálukú á gba ilé rẹ̀ lọ. Adájọ́ àyàn kì í bẹ̀ ọ́. Ó ń gbọ́ ẹlẹ́rìí, ó ń yẹ ìwé wò, lẹ́yìn náà ó ń dájọ́, ẹni tó bá sì jẹ̀bi kò lè sọ pé inú òun ò dùn sí i, kó wá fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ.

Òfin tó wà nídìí rẹ̀ báyìí ni Arbitration and Mediation Act ti ọdún 2023. Ààrẹ Buhari fọwọ́ sí i ní ọjọ́ 26 oṣù karùn-ún, ó ku ọjọ́ mẹ́ta kó gbé ìjọba sílẹ̀, òfin náà sì rọ́pò èyí tí ìjọba ológun ṣe lọ́dún 1988. Nítorí náà, ọjọ́ mẹ́ta péré ló wà láàárín òfin tó ń parí ìjà oníṣòwò àti ìkéde epo tó dá ọ̀pọ̀ nínú àwọn ìjà náà sílẹ̀. Òfin dára, mi ò ní fi dù ú. Ohun tí mò ń rí ni pé ọ̀pọ̀ oníṣòwò wa ka òfin náà dé ibi ìdájọ́, wọn ò ka ibi tí wọ́n ti ń gba owó.

Ìwé kò ní bélífù

Adájọ́ àyàn kò ní bélífù, òṣìṣẹ́ kóòtù tó ń lọ gbẹ́sẹ̀ lé ẹrù ajigbèsè. Kò lè rán ọlọ́pàá níṣẹ́, kò sì lè kọ̀wé sí báńkì pé kí wọ́n ti àkáǹtì ẹnikẹ́ni. Ìdí nìyẹn tí ìdájọ́ rẹ̀ fi gbọ́dọ̀ gba kóòtù kọjá bí ẹni tó jẹ̀bi bá kọ̀ tí kò san. Abala 57 òfin náà sọ pé ìdájọ́ ti de tọ̀tún-tòsì, àti pé bí ẹni tó jàre bá kọ̀wé sí kóòtù, kóòtù yóò jẹ́ kí wọ́n mú un ṣẹ bí ẹni pé kóòtù fúnra rẹ̀ ló dá a. Ìwé tó máa kó lọ kò pọ̀: ìwé ìdájọ́, àti ìwé àdéhùn tí gbólóhùn àbítíréṣọ̀n wà nínú rẹ̀. Ojúlówó ni, tàbí ẹ̀dà tí wọ́n jẹ́rìí sí bó ṣe yẹ.

Ẹ má fojú kéré ìwé kejì yẹn. Ojúlówó àdéhùn Alhaji ti bá ọkọ̀ tó tà lọ, inú kọ̀ǹbọ̀ iwájú ọkọ̀ ló máa ń kó ìwé sí. Àwòrán tó yà sórí fóònù ló kù lọ́wọ́ rẹ̀. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko ni lọ́yà fi ń wá ẹ̀dà tó ṣeé jẹ́rìí sí.

Kóòtù wo? Fún ọ̀rọ̀ ọjà títà lásán, kóòtù gíga ti ìpínlẹ̀ ni mo máa sọ, èyí tó wà ní Ring Road níbí. Àwọn kan máa ń sáré lọ sí kóòtù gíga ìjọba àpapọ̀ nítorí pé orúkọ ilé iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ wà nínú ọ̀rọ̀. Ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ti sọ̀rọ̀ lórí èyí lọ́dún 2005, nínú ẹjọ́ Onuorah àti ilé iṣẹ́ ìfọpo Kaduna. Agolo òfìfo ni ọkùnrin náà rà, ìjà sì dé lórí rẹ̀. Ilé ẹjọ́ ní àdéhùn ọjà lásán kò sí lára ohun tí òfin gbé lé kóòtù gíga ìjọba àpapọ̀ lọ́wọ́. Ẹni tó bá ṣi ilẹ̀kùn kàn lè fi ọdún mélòó kan wá ilẹ̀kùn gan-an.

Ẹni tó jẹ̀bi náà ní ẹ̀tọ́ tirẹ̀. Láàárín oṣù mẹ́ta tó gba ìwé ìdájọ́, ó lè ní kí kóòtù wọ́gi lé e. Àmọ́ kò lè sọ pé adájọ́ ṣi òye òfin tàbí pé kò gba ẹ̀rí òun gbọ́. Ohun tí òfin fún un kò pọ̀: pé àdéhùn náà kò tọ́, pé wọn ò fi ìwé pe òun bó ṣe yẹ, pé adájọ́ dá ohun tí wọn ò gbé ka iwájú rẹ̀, pé wọn ò yan adájọ́ bí wọ́n ṣe ṣàdéhùn, tàbí pé ìdájọ́ náà ta ko ire ìlú, àti àwọn bíi tiwọn. Òfin 1988 ní ẹnu ọ̀nà kan tí wọ́n ń pè ní ìwà àìtọ́ adájọ́, ibẹ̀ sì ni àwọn lọ́yà ń kó gbogbo ẹ̀sùn tí kò níbi lọ gbà. Òfin tuntun ti ti ẹnu ọ̀nà yẹn pa, ó sì fi kún un pé olùpẹ̀jọ́ gbọ́dọ̀ fi hàn pé ohun tó ń ráhùn lé lórí pa òun lára gan-an.

Nínú gbogbo wọn, "wọn ò fi ìwé pè mí" ló wọ́pọ̀ jù. Ó rọrùn láti sọ, ó sì ṣòro láti já. Bó ṣe máa ń rí nìyí: o fún ọlọ́kadà onífijíṣẹ́ ní ìwé, ó gbé e dé géètì, máígàádì gbà á, ó fi bírò ya ohun kan tó jọ àlàǹtakùn sí i, ó tán. Lẹ́yìn ọdún kan, ilé iṣẹ́ ní àwọn ò mọ máígàádì náà rí, pé ó ti lọ sílé. Nítorí náà, ẹ jẹ́ kí orúkọ ẹni tó gbà á, iṣẹ́ rẹ̀, aago àti òǹtẹ̀ ilé iṣẹ́ wà lórí ẹ̀dà tiyín. Ẹ fi ìwé kan náà ránṣẹ́ sí ímeèlì tí wọ́n kọ sínú àdéhùn.

Ọ̀rọ̀ ìgbà tún wà. Ẹjọ́ ilé iṣẹ́ City Engineering àti Federal Housing Authority, àjọ ilé gbígbé ti ìjọba àpapọ̀, ni mo fi máa ń dẹ́rù ba àwọn tó bá ń fi nǹkan falẹ̀. Àdéhùn wọn dàrú lọ́dún 1980, adájọ́ àyàn dá ilé iṣẹ́ náà láre lọ́dún 1985, ó di 1988 kí wọ́n tó lọ kóòtù pé kí wọ́n mú un ṣẹ. Lọ́dún 1997, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní ó ti pẹ́ jù, nítorí pé ọjọ́ tí ìjà bẹ̀rẹ̀ ni wọ́n á ti ka ọdún, kì í ṣe ọjọ́ ìdájọ́. Ẹ rò ó wò: o jàre, àsìkò tó o fi ń jà sì lo ọjọ́ rẹ tán. Abala 34 òfin tuntun ti tún ìyẹn ṣe. Àsìkò tó wà láàárín ìbẹ̀rẹ̀ àbítíréṣọ̀n àti ìdájọ́ kì í sí nínú ìṣirò mọ́. Síbẹ̀, ẹni tó bá fi ìdájọ́ sínú dúrọ́ọ̀ ọdún mẹ́rin, márùn-ún, ó ń fi iná ṣeré.

Níbo lowó wà?

Ká ní kóòtù ti gbà. Ó kan owó báyìí, ibí sì ni ọ̀rọ̀ ti máa ń le.

Ọ̀nà tí lọ́yà fẹ́ràn jù ni garnishee. Kóòtù á pàṣẹ fún báńkì tí owó ajigbèsè wà lọ́wọ́ rẹ̀ pé kó dá a dúró, kó sì wá sọ ìdí tí kò fi yẹ kó san án fún ẹni tó jàre. Òfin ní ó kéré tán ọjọ́ mẹ́rìnlá gbọ́dọ̀ wà láàárín ìgbà tí wọ́n fi ìwé náà jíṣẹ́ fún báńkì àti ajigbèsè àti ọjọ́ tí wọ́n padà sí kóòtù. Bí báńkì ò bá rí nǹkan sọ, àṣẹ kejì á tẹ̀ lé e, owó á sì bọ́ sọ́wọ́ rẹ. Ó dùn lẹ́tí. Àmọ́ owó tó bá wà nínú àkáǹtì nìkan ló ń mú. Alhaji mọ báńkì kan péré tí wọ́n ti ń sanwó fún un nígbà tí nǹkan dára. Nígbà tí báńkì náà búra nínú ìwé rẹ̀, ₦38,000 àti kọ́bọ̀ díẹ̀ ló wà níbẹ̀. Owó epo tí lọ́yà fi lọ kóòtù ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ọ̀nà kejì ni kí bélífù lọ gbẹ́sẹ̀ lé ẹrù. Ẹ̀rọ, ọkọ̀, jẹnẹrétọ̀, àpò oúnjẹ adìyẹ tó wà nílẹ̀. Ó máa ń ta jìnnìjìnnì báni tí bélífù bá dé pẹ̀lú ọ̀dà pupa lọ́wọ́, àwọn òṣìṣẹ́ a máa sá wọ inú sítọ́ọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ̀rọ tó tóbi jù níbẹ̀ lè jẹ́ èyí tí báńkì ti gbà ní ìdógò, ọkọ̀ sì lè jẹ́ èyí tí wọn ò tíì san owó rẹ̀ tán. Ẹni tí wọ́n ti jẹ lówó ṣáájú ló ni ín. Ilẹ̀ àti ilé ńkọ́? Ìyẹn ń dúró dìgbà tí ẹrù tó ṣeé gbé kò bá tó, kóòtù sì gbọ́dọ̀ tún gbà lọ́tọ̀ kí ẹnikẹ́ni tó fọwọ́ kàn án.

Ohun tó ń ya àwọn ọlọ́jà lẹ́nu jù ni pé jíìpù ọ̀gá kì í ṣe ti ilé iṣẹ́. Ilé tó kọ́ sí Bódìjà kì í ṣe ti ilé iṣẹ́. Ilé iṣẹ́ tí wọ́n bá forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ ní CAC, àjọ tó ń forúkọ ilé iṣẹ́ sílẹ̀, gẹ́gẹ́ bí kọ́ńpínì Limited (Ltd) jẹ́ èèyàn lọ́tọ̀ lójú òfin, bí gbèsè bá mú un, òun nìkan ló mú. Tó bá jẹ́ orúkọ ìṣòwò lásán ni, ọ̀gá àti iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ ọ̀kan. Kò sí ọlọ́jà tó máa ń béèrè ìyàtọ̀ yìí lọ́jọ́ tí wọ́n ń tọwọ́ bọ àdéhùn. Orúkọ tó wà lára pátákó ni wọ́n ń kọ sínú ìwé, orúkọ pátákó sì lè má sí ní CAC rárá.

Àwọn lọ́yà kan máa ń gba ọ̀nà mìíràn. Òfin ilé iṣẹ́ ti ọdún 2020 sọ pé bí gbèsè ilé iṣẹ́ bá ju ₦200,000 lọ, tí o fi ìwé béèrè, tí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kọjá tí kò san, a lè kà á sí ẹni tí kò lè san gbèsè, kí wọ́n sì ní kí kóòtù gíga ìjọba àpapọ̀ tú u ká. Àwọn ajigbèsè máa ń gbọ́ èyí ju èyíkéyìí lọ, torí pé báńkì wọn náà á gbọ́. Èmi ò fẹ́ràn rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Bí ilé iṣẹ́ bá túká lóòótọ́, o ti di ọ̀kan lára ọ̀pọ̀ tó ń tò síwájú ìkòkò kékeré.

Bó bá jẹ́ ìjọba lo ta ọjà fún, ọ̀rọ̀ kékeré kọ́ nìyẹn. Abala 84 òfin ṣẹ́ríìfù, ìyẹn òfin tó ń sọ bí wọ́n ṣe ń mú ìdájọ́ kóòtù ṣẹ, sọ pé owó tó wà lọ́wọ́ òṣìṣẹ́ ìjọba, o gbọ́dọ̀ gba àṣẹ agbẹjọ́rò àgbà kó o tó lè fi garnishee mú un. Agbẹjọ́rò àgbà ìpínlẹ̀ ni ọ́fíìsì rẹ̀ ń gbèjà ìjọba nínú ẹjọ́ náà. Lọ́wọ́ ẹni tí o bá jà lo ti ń tọrọ igi tí o fẹ́ fi nà án. Ẹni tó ń kó ìrẹsì fún ilé ìwé tàbí oògùn fún ilé ìwòsàn ìjọba, kó ka ìyẹn mọ́ iye tó máa pè.

Ti òkè òkun, ti inú ọjà

N'Íbàdàn níbí, ẹ̀rọ àti èròjà oúnjẹ adìyẹ tó ń ti òkè òkun wá kò kéré, àdéhùn wọn sì sábà máa ń sọ pé London tàbí Paris ni wọ́n ti máa gbọ́ ìjà. Nàìjíríà ti wà nínú àdéhùn New York ti ọdún 1958, èyí tí àwọn orílẹ̀-èdè fi gbà láti máa mú ìdájọ́ àbítíréṣọ̀n ara wọn ṣẹ, láti 1970, orílẹ̀-èdè tó sì wà nínú rẹ̀ ti lé ní 170. Ìdájọ́ tí wọ́n bá dá ní London lè wá gbá ọ mú ní Olúyọ̀lé, tìrẹ náà sì lè lọ bá ẹni tó jẹ ọ́ lówó ní Ṣáínà, níwọ̀n ìgbà tí ọ̀rọ̀ bá jẹ́ ti òwò.

Àwọn ajigbèsè kan ń gbára lé ẹjọ́ ilé iṣẹ́ P&ID, wọ́n ń ní jìbìtì ni wọ́n fi dá àwọn náà lẹ́bi. Ìyẹn náà, àdéhùn gáàsì ni. Ilé iṣẹ́ náà bá ìjọba Nàìjíríà ṣe é lọ́dún 2010, ìjọba ló yẹ kó máa kó gáàsì wá, ibi tí wọ́n ti máa fọ̀ ọ́ ní Calabar kò sì débi ìkọ́. Lọ́dún 2017, àwọn adájọ́ àyàn ní kí Nàìjíríà san dọ́là bílíọ̀nù 6.6, èlé sì gbé e kọjá bílíọ̀nù 11. Ọjọ́ 23 oṣù kẹwàá ọdún 2023 ni Adájọ́ Robin Knowles ní kóòtù London sọ pé jìbìtì ni wọ́n fi gba ìdájọ́ náà. Wọ́n rí ẹ̀rí rìbá, wọ́n rí ìwé àṣírí ìjọba lọ́wọ́ ilé iṣẹ́ náà. Bí ọmọ ilé ìkẹ́rùsí bá fọwọ́ sí wébìlì, ìyẹn kì í ṣe jìbìtì, kóòtù kò sì ní gbà á bẹ́ẹ̀.

Nínú ọjà Bódìjà, wọn kì í sábà débi lọ́yà. Babalọ́jà tàbí àwọn àgbà ẹgbẹ́ alálùbọ́sà ló ń pè yín jókòó. Ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ti gbà láti 1991, nínú ẹjọ́ Agu àti Ikewibe, pé irú ìdájọ́ àgbà bẹ́ẹ̀ lè de èèyàn, bí ó bá jẹ́ pé tọ̀tún-tòsì fínnúfíndọ̀ gbé ọ̀rọ̀ lọ, tí wọ́n gbà tẹ́lẹ̀ pé àwọn á tẹ̀ lé e, tí ẹnì kankan ò sì kọ̀ ọ́. Àmọ́ abala 57 kò sí fún un bí kò bá sí àdéhùn tó wà ní kíkọ. Ẹjọ́ tuntun lo máa pè, wàá sì kó àwọn àgbà wá jẹ́rìí. Èyí tó mú inú mi dùn nínú òfin tuntun ni pé ọ̀rọ̀ orí íntánẹ́ẹ̀tì wà lára ohun tó pè ní kíkọ, nítorí náà àtẹ̀jíṣẹ́ WhatsApp tí ẹ ti jọ gbà pé ẹnì kan ni yóò dá a lè tó. Ẹ má pa á rẹ́.

Bí ẹnikẹ́ni bá bi mí, ọjọ́ tí ẹ ń kọ àdéhùn ni ìgbà tó yẹ kí ẹ ti máa ronú nípa bí ẹ ṣe máa gbowó. Ẹ kọ nọ́ńbà CAC wọn, ẹ ní kí ọ̀gá fi ara rẹ̀ ṣe onígbọ̀wọ́ lórúkọ ara rẹ̀, ẹ kọ èlé tí owó tó bá pẹ́ máa mú wá, nítorí náírà kì í dúró de kóòtù. Ẹ kọ ọ́ pé ẹnì kan ni adájọ́. Òfin 2023 gbà kí ẹ fi ìgbìmọ̀ àtúnyẹ̀wò kan sí i, ọgọ́ta ọjọ́ ló sì fún un láti parí iṣẹ́. Àwọn lọ́yà ilé iṣẹ́ ńlá fẹ́ràn rẹ̀. Ẹni tó ń ta ọjà kékeré, èmi ò rí ohun tó fẹ́ fi ṣe. Bí ẹ bá sì ti ń fura pé wọ́n ń kó owó sá, ẹ má dúró dìgbà tí ìdájọ́ bá jáde: adájọ́ pàjáwìrì, ẹni tó lè pàṣẹ kí wọ́n tó yan adájọ́ àyàn gan-an, wà nínú òfin tuntun, kóòtù náà sì lè ní kí wọ́n má gbé owó kúrò.

Ọ̀sẹ̀ tó kọjá, èmi àti Alhaji wakọ̀ gba iwájú ilé iṣẹ́ náà kọjá. Ọkọ̀ àgbàdo méjì tò sẹ́nu géètì, àwọn alábàárù ń sọ̀ ọ́ kalẹ̀, eruku rẹ̀ gba gbogbo ojú títì. Géètì kan náà ni, máígàádì kan náà ni, ó tilẹ̀ juwọ́ sí wa. Pátákó nìkan ló yàtọ̀: orúkọ tuntun, ọ̀dà rẹ̀ kò tíì gbẹ dáadáa. Alhaji sọ̀kalẹ̀, ó ya àwòrán pátákó náà, ó fi ránṣẹ́ sí lọ́yà. Kí a tó dé Challenge, èsì ti wọlé: "Ẹ fún mi ní ọjọ́ méjì, Alhaji. Mo ń lọ wo ìwé àwọn dáírẹ́kítọ̀ wọn ní CAC."